Léèsì Narsapur: Iṣẹ́ Tí Wọ́n Ní Kì í Ṣe Iṣẹ́

Léèsì kì í ṣe àlejò lóde ìnáwó wa. Púpọ̀ nínú èyí tí àwọn ìyálọ́jà ń pè ní ojúlówó, agbègbè Lustenau ní ilẹ̀ Austria ni wọ́n ti ń fi ẹ̀rọ ṣe ọnà sí i lára, ó sì ti lé ní àádọ́ta ọdún tó ti ń wọ Èkó. Àmọ́ léèsì mìíràn wà tí kò mọ ẹ̀rọ rárá. Abẹ́rẹ́ kóróṣé ni wọ́n fi ń hun ún, irú èyí tí orí rẹ̀ tẹ̀, pẹ̀lú òwú funfun tẹ́ẹ́rẹ́, ojú kan tẹ̀lé ojú kan, títí òdòdó kan yóò fi yọ. Ní Narsapur àti àwọn abúlé tó yí i ká, nítòsí ibi tí odò Godavari ti ń wọ òkun ní gúúsù ìlà-oòrùn Íńdíà, àwọn obìnrin tó ń ṣe iṣẹ́ yìí lé ní ẹgbẹ̀rún lọ́nà ọgọ́rùn-ún ní nǹkan bí ọdún 1978. Ṣùgbọ́n bí ènìyàn bá bi wọ́n pé iṣẹ́ wo ni wọ́n ń ṣe, ìdáhùn púpọ̀ nínú wọn ni pé àwọn kò ṣiṣẹ́ kankan, ilé làwọn jókòó sí.

Ìdáhùn yẹn ni Maria Mies, obìnrin onímọ̀ nípa àwùjọ láti Jámánì, kò jẹ́ kó kọjá lọ. Ìwé tó kọ lé e lórí, The Lace Makers of Narsapur, jáde ní 1982. Kò nípọn, kò sì ní ariwo nínú. Síbẹ̀, ìwọ̀nba ìwé ló tún ṣàlàyé bíi tirẹ̀ ìdí tí ìjà òṣìṣẹ́ àti ìjà obìnrin fi máa ń di ìjà kan náà, àti ìdí tí àwọn tó ń ja ọ̀kan fi máa ń gbójú fo èkejì.

Ọmọ àgbẹ̀ ni Mies. Abúlé kékeré kan tí wọ́n ń pè ní Auel, ní òkè Eifel, ni wọ́n bí i sí ní 1931. Ọmọ méjìlá ni àwọn òbí rẹ̀ bí. Iṣẹ́ tíṣà ló fi bẹ̀rẹ̀. Ní 1963 ó gbéra lọ sí ìlú Pune ní Íńdíà, ó lọ ń kọ́ àwọn ọ̀dọ́ ní èdè Jámánì ní Goethe Institute. Ibẹ̀ ló ti kíyè sí nǹkan kan nínú kíláàsì rẹ̀. Àwọn ọkùnrin tó ń kọ́ èdè náà mọ ohun tí wọ́n fẹ́ fi ṣe: wọ́n fẹ́ lọ kàwé ní Jámánì, kí wọ́n sì padà wá di ẹ̀ńjìníà. Ní ti àwọn ọmọbìnrin, ọ̀pọ̀ wọn wá nítorí pé níwọ̀n ìgbà tí àwọn bá ṣì ń kàwé, ilé kò ní tíì lè fi àwọn fọ́kọ. Ọ̀rọ̀ yìí ló gbé dé Yunifásítì Cologne, tó fi kọ ìwé oyè ọ̀mọ̀wé rẹ̀ ní 1972 nípa ìdààmú tó wà láàárín ohun tí ilé ń retí lọ́wọ́ obìnrin Íńdíà tó kàwé àti ohun tí òun fúnra rẹ̀ ń fẹ́. Lẹ́yìn náà ló di olùkọ́ nípa àwùjọ ní ilé ẹ̀kọ́ gíga kan ní Cologne náà.

Kì í ṣe irú olùkọ́ tí í jókòó ti ìwé. Ní 1976, òun àti àwọn akẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀ fẹ́ ṣí ilé kan tí obìnrin tí ọkọ ń lù lè sá wọ̀. Wọ́n tọ àwọn aláṣẹ ìlú lọ, àwọn yẹn sì ní kí wọ́n kọ́kọ́ mú ẹ̀rí wá pé irú obìnrin bẹ́ẹ̀ wà ní Cologne. Olùwádìí mìíràn ì bá lọ to ìbéèrè sórí bébà, kó pín in káàkiri, kó sì dúró de èsì. Mies àti àwọn ọmọ kíláàsì rẹ̀ bọ́ sí ìgboro ní tiwọn. Wọ́n gbé àkọlé dání, wọ́n ń gba ìbuwọ́lù, wọ́n ń bá àwọn tó ń kọjá sọ̀rọ̀. Àwọn obìnrin bẹ̀rẹ̀ sí í tú ọ̀rọ̀ inú wọn sílẹ̀, ìwé ìròyìn gbé e, ẹ̀rí tí àwọn aláṣẹ bèèrè sì di ohun tí gbogbo ìlú ń gbọ́. Kò pẹ́ tí ilé náà fi ṣí. Ó wà lára àwọn àkọ́kọ́ irú rẹ̀ ní Jámánì.

Nínú ìrírí yìí ló ti fa ìlànà ìwádìí kan yọ, tó sì kọ ọ́ jáde ní nǹkan bí ọdún méjì lẹ́yìn náà. Ó ní ẹni tó bá fẹ́ mọ bí nǹkan ṣe dúró gan-an, kó gbìyànjú láti yí i padà, ìgbà náà ni yóò rí ohun tó dì í mú. Ó tún ní kí olùwádìí má díbọ́n pé òun kò gbè sẹ́yìn ẹnikẹ́ni. Kó mọ̀ọ́mọ̀ dúró ti àwọn tó wà nísàlẹ̀, kó máa wo ayé láti ọ̀dọ̀ wọn. Àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n kan fajúro sí i. Wọ́n ní bí olùwádìí bá ti mú ẹ̀gbẹ́ kan, ṣé kì í ṣe ohun tó fẹ́ rí ni yóò máa rí? Ìbéèrè náà tọ́. Ìwé Narsapur ni ìdáhùn tó dára jù sí i, nítorí pé ohun tí Mies bá pàdé níbẹ̀ kò dùn mọ́ àwọn ajàfẹ́tọ̀ọ́ obìnrin nínú ju bó ṣe dùn mọ́ àwọn olówó lọ.

Kó tó dé Narsapur, ó ti kọ nípa Shahada, ní ìpínlẹ̀ Maharashtra. Àwọn ará Bhil tó ń gbé níbẹ̀ ti pàdánù ilẹ̀ baba wọn sọ́wọ́ àwọn olówó èlé àti àwọn onílẹ̀ ńlá, wọ́n wá di alágbàṣe lórí ilẹ̀ tó ti jẹ́ tiwọn rí. Ní 1972 wọ́n dá ẹgbẹ́ kan sílẹ̀, Shramik Sangathana, láti jà fún owó iṣẹ́ àti fún ilẹ̀. Àwọn obìnrin wà níwájú, wọ́n ń dáṣẹ́ sílẹ̀, wọ́n ń dojú kọ onílẹ̀. Ṣùgbọ́n kí ni èrè owó tí wọ́n jà gbà bó bá jẹ́ pé ilé ọtí ni yóò gbà lọ kó tó délé? Ni àwọn obìnrin bá kó ara wọn jọ. Wọ́n ń lọ láti abúlé dé abúlé, wọ́n ń fọ́ ìkòkò ọtí mọ́lẹ̀. Ọkùnrin tó bá lu ìyàwó rẹ̀, wọn a fà á jáde síta gbangba kó wá sọ tẹnu rẹ̀. Àwọn kan nínú àwọn olóṣèlú apá òsì ayé ìgbà náà rí irú nǹkan báyìí bí ìyapa kúrò nínú ìjà gidi. Nínú àpilẹ̀kọ tó gbé jáde ní 1976, ohun tí Mies rí yàtọ̀: ìjà owó iṣẹ́ ló kó wọn jáde nílé, ìgbà tí wọ́n sì jáde tán ni wọ́n rójú wo ohun tó ń ṣẹlẹ̀ nínú ilé.

Ní Narsapur, kò sẹ́ni tó jáde. Ìyẹn gan-an ni àdììtú ibẹ̀.

Àwọn míṣánnárì láti Skọ́tílàǹdì ló mú iṣẹ́ léèsì dé agbègbè náà ní ọ̀rúndún 19. Wọ́n kọ́ àwọn obìnrin aláìní tó ti di onígbàgbọ́, wọ́n ń fi iṣẹ́ ọwọ́ wọn ránṣẹ́ sí àwọn ọ̀rẹ́ nílé láti bá wọn tà. Iṣẹ́ àánú ni wọ́n kà á sí. Nígbà tó yá, àwọn oníṣòwò rí i pé owó wà ńbẹ̀, wọ́n gbà á, iṣẹ́ náà sì tàn kúrò lọ́wọ́ àwọn onígbàgbọ́ dé ọ̀dọ̀ àwọn obìnrin Kapu, ìdílé àgbẹ̀ tí wọ́n ka ara wọn sí ẹni iyì. Nígbà tí Mies dé síbẹ̀ pẹ̀lú àwọn ọ̀dọ́bìnrin tó gbọ́ èdè Telugu, lábẹ́ ìwádìí kan tí Àjọ Òṣìṣẹ́ Àgbáyé, ILO, gbé kalẹ̀, léèsì Narsapur ti ń lọ sí Ọsirélíà, Jámánì, Ítálì, Gẹ̀ẹ́sì àti Amẹ́ríkà.

Báyìí ni ètò rẹ̀ ṣe rí. Oníṣòwò ńlá tó ń kó ọjà ránṣẹ́ sókè òkun kò bá obìnrin kankan pàdé. Ó ní alágbàtà. Alágbàtà ló ń kó òwú kiri ojúlé, òun ló ń sọ irú ọnà tí wọ́n ń fẹ́, òun náà ló ń padà wá gba iṣẹ́ tó bá parí. Ìwọ̀n iṣẹ́ tí obìnrin bá ṣe ni wọ́n ń sanwó rẹ̀ fún un, wọn kì í ka wákàtí tó fi jókòó tì í. Wọ́n sì pín iṣẹ́ náà sí wẹ́wẹ́: ẹnì kan ń ṣe òdòdó, ẹlòmíràn ń ṣe etí, ẹnì kẹta ń so wọ́n pọ̀. Ẹni tó ṣe òdòdó lè má fojú kan odindi aṣọ tábìlì tí òdòdó rẹ̀ wà lára rẹ̀, ká má tilẹ̀ wá sọ iye tí wọ́n tà á ní ìlú Berlin. Wákàtí mẹ́fà sí mẹ́jọ ni wọ́n ń lò nídìí léèsì lójúmọ́, yàtọ̀ sí oúnjẹ sísè, omi pípọn, ilé gbígbá àti ọmọ títọ́. Ohun tí wọ́n ń rí gbà kò tó rupee kan lóòjọ́. Kò sì tó ìdá mẹ́ta owó òòjọ́ tó kéré jù tí òfin là sílẹ̀ fún obìnrin alágbàṣe oko.

Kí ló dé tí wọ́n fi ń ṣe é?

Ìdáhùn wà ní òdìkejì òpópónà. Níbẹ̀ ni àwọn obìnrin Harijan ń gbé, àwọn tí a ń pè ní Dalit lónìí, tí ètò ìran Íńdíà fi sí ìsàlẹ̀ pátápátá. Inú oko ìrẹsì ni àwọn yẹn ń lọ. Oòrùn ń pa wọ́n, ẹrẹ̀ ń mu wọ́n dé orúnkún. Ṣùgbọ́n owó ọwọ́ wọn ju ti obìnrin léèsì lọ. Wọ́n jọ ń lọ, wọ́n jọ ń bọ̀, wọ́n mọ iye tí ẹnì kejì gbà, wọ́n sì lè pa ẹnu pọ̀ sọ pé àwọn kò ní í ṣe é lówó yẹn. Obìnrin Kapu tó ń hun léèsì nílé ka ara rẹ̀ sí ẹni tó ga jù wọ́n lọ. Ìyàwó ilé rere ni òun, kò sẹ́ni tó ń rí òun ní gbangba oko, ọkọ òun ló ń bọ́ òun. Owó tó yẹ kó gbà, iyì ni wọ́n fi ń san án fún un. Nígbà náà, tí irú ìrẹsì tuntun ti sọ àwọn àgbẹ̀ kan ní agbègbè odò Godavari di olówó, àwọn ọkùnrin tí kì í fọwọ́ kan abẹ́rẹ́ kóróṣé ń fi owó oko wọn wọ òwò léèsì, wọ́n ń di oníṣòwò ńlá.

Mies kò pa èyí mọ́. Ẹni tó fẹ́ kí gbogbo obìnrin jẹ́ arábìnrin ara wọn ì bá fẹ́ràn láti fo ojú ewé yẹn, nítorí ohun tó wà níbẹ̀ ni pé ìgbéraga ìran wà lára okùn tí wọ́n fi so obìnrin léèsì mọ́lẹ̀, ọwọ́ òun náà sì wà níbi tí wọ́n ti ń fa okùn ọ̀hún. Ní tèmi, ojú ewé yẹn ló gbé ìwé náà ró.

Nínú ohun tó rí yìí ló ti mú èrò tó sọ ọ́ di olókìkí jáde: pé wọ́n ń sọ òṣìṣẹ́ di ìyàwó ilé kí iṣẹ́ rẹ̀ lè pọ́ọ́kú. Kì í ṣe pé obìnrin wà nílé ló jẹ́ kí owó rẹ̀ kéré. Wọ́n kọ́kọ́ gbà láàárín ara wọn pé ọkọ ló ń bọ́ ọ, nítorí náà owó yòówù tó bá rí kò ju àfikún owó ọbẹ̀ lọ. Bí wọ́n bá ti gbà bẹ́ẹ̀ tán, ohun gbogbo dẹrùn fún oníṣòwò. Kò ní í kọ́ ilé iṣẹ́, nítorí ẹnu ọ̀nà obìnrin ni ilé iṣẹ́. Kò ní í sanwó iná. Bí ojú bá ń dun obìnrin náà nítorí òwú funfun tó ń tẹjú mọ́ láti àárọ̀, ojú rẹ̀ ni, kò kan ẹnikẹ́ni. Ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ kò wá a wá, nítorí pé kì í ṣe òṣìṣẹ́. Ìkànìyàn ìjọba pàápàá fo ọ̀pọ̀ jù lọ wọn dá, torí náà lójú ìwé, ọjà tó ń ti Narsapur dé òkè òkun dà bí ohun tó ń hù fúnra rẹ̀.

Ní 1986 ó gbé èrò náà jìnnà sí i nínú ìwé ńlá kan, Patriarchy and Accumulation on a World Scale. Níbẹ̀ ló ti so ó mọ́ ìtàn sísun àwọn tí wọ́n pè ní àjẹ́ ní Yúróòpù, mọ́ ìjọba amúnisìn, àti mọ́ àwọn ilé iṣẹ́ aṣọ àti ẹ̀rọ iná tó ń ṣí lọ sí Éṣíà láti lọ gba àwọn ọmọbìnrin síṣẹ́. Òun àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀, Veronika Bennholdt-Thomsen àti Claudia von Werlhof, ní iṣẹ́ olówó oṣù tó ní ìwé àdéhùn kò ju ṣónṣó òkè yìnyín tó yọ lójú òkun lọ. Iṣẹ́ ilé, iṣẹ́ àgbẹ̀ kékeré, iṣẹ́ àwọn ilẹ̀ tí wọ́n ṣẹ́gun àti ọrọ̀ inú ilẹ̀ ló wà nísàlẹ̀ omi tó gbé e dúró. Wọ́n tún sọ ohun kan tí àwọn ènìyàn kò fi bẹ́ẹ̀ kọbi ara sí nígbà náà: pé kò ní í mọ lórí obìnrin. Àwọn ọkùnrin náà yóò máa bọ́ sínú iṣẹ́ tí kò ní àdéhùn, tí kò ní ìdánilójú, tí kò ní owó ìfẹ̀yìntì. Awakọ̀ tó ń gba èrò lórí fóònù lónìí, tí wọ́n ń pè ní alábàáṣiṣẹ́ kí wọ́n má baà pè é ní òṣìṣẹ́, tó ń fi mọ́tò ara rẹ̀ àti epo ara rẹ̀ ṣiṣẹ́, kò ní í pẹ́ mọ ohun tí wọ́n ń wí.

Ilé-Ifẹ̀ náà wà nínú àríyànjiyàn yìí, bó tilẹ̀ jẹ́ pé díẹ̀ ló rántí. Ní 1981, ọdún kan ṣáájú ìwé léèsì, Simi Afonja tó jẹ́ onímọ̀ nípa àwùjọ ní yunifásítì ibẹ̀ gbé àpilẹ̀kọ kan jáde nínú ìwé àtìgbàdégbà Signs ní Amẹ́ríkà, nípa bí pípín iṣẹ́ láàárín ọkùnrin àti obìnrin Yorùbá ṣe ń yí padà. Àwọn òyìnbó ti máa ń fi obìnrin Yorùbá ṣe àpẹẹrẹ obìnrin tó dá dúró, nítorí pé ó ń náwó ara rẹ̀ lọ́jà. Afonja kò gbà pé ọ̀rọ̀ parí síbẹ̀. Ó ní ká wo ta ló ni ilẹ̀, ta ló ń pàṣẹ lórí iṣẹ́ ìdílé, àti ohun tí irúgbìn atàsókè-òkun ṣe sí ètò wọ̀nyẹn. Kí obìnrin ní owó lọ́wọ́ yàtọ̀ sí kó ní àṣẹ lórí ohun tó ń mú owó wá. Bí a bá fi èyí ka ìtàn Narsapur, àwọn méjèèjì ń bára wọn sọ̀rọ̀.

Ṣé obìnrin tó ń ṣiṣẹ́ nílé lè dá ẹgbẹ́ sílẹ̀? Ní Íńdíà kan náà, ní ìlú Ahmedabad, Ela Bhatt ti bẹ̀rẹ̀ sí í dáhùn ìbéèrè yìí ní 1972. Agbẹjọ́rò ni, ó ń bójú tó ẹ̀ka obìnrin nínú ẹgbẹ́ àwọn òṣìṣẹ́ ilé iṣẹ́ aṣọ. Ó kó àwọn obìnrin tó ń wé sìgá bidi nílé, àwọn alárù àti àwọn tó ń pàtẹ lójú títì jọ, wọ́n dá ẹgbẹ́ SEWA sílẹ̀. Nígbà tí wọ́n lọ fi orúkọ ẹgbẹ́ sílẹ̀, ọ́fíìsì ìjọba kọ̀ ọ́. Ta ni ọ̀gá yín? Bí kò bá sí ọ̀gá, ta ni ẹ fẹ́ bá jà? Wọ́n dáhùn pé kì í ṣe nítorí ìjà pẹ̀lú ọ̀gá nìkan ni òṣìṣẹ́ ṣe ń kóra jọ, àti pé àwọn ń kóra jọ nítorí ara àwọn. Wọ́n gba ìwé ẹ̀rí náà nígbẹ̀yìn. Ní 1974 wọ́n dá báǹkì sílẹ̀: obìnrin 4,000, rupee mẹ́wàá mẹ́wàá. Ní 1981, ẹgbẹ́ àwọn òṣìṣẹ́ aṣọ lé wọn jáde. Wọn kò tú ká.

SEWA wà lára àwọn tó ta kú nídìí ọ̀rọ̀ náà títí ILO fi ṣe àdéhùn àgbáyé lórí iṣẹ́ àṣelé ní 1996, èyí tí nọ́ńbà rẹ̀ jẹ́ 177. Ohun tó wí kò le: kí wọ́n ka ẹni tó ń ṣiṣẹ́ owó nílé sí òṣìṣẹ́ bíi ti ẹlòmíràn, lórí owó, lórí ìlera, lórí ẹ̀tọ́ láti dá ẹgbẹ́ sílẹ̀, kí ìkànìyàn sì kà wọ́n. Àwọn orílẹ̀-èdè tó ti fọwọ́ sí i kò tíì pé ogún. Íńdíà kò sí lára wọn.

Mies ní àṣìṣe tirẹ̀ o. Bó ṣe ń dàgbà, ló ń yin ìgbé ayé abúlé, oko àroje àti ọwọ́ tó ń ṣe ohun tí ẹnu yóò jẹ. Ní 1993 òun àti Vandana Shiva kọ Ecofeminism, tó so ìjìyà obìnrin pọ̀ mọ́ ìjìyà ilẹ̀ àti igbó. Ṣáájú kí ìwé yẹn tó jáde ni Bina Agarwal, onímọ̀ nípa ọrọ̀ ajé ní Íńdíà, ti kìlọ̀ fún àwọn tó ń ronú báyìí pé ká má sọ obìnrin di ọ̀rẹ́ igbó nítorí pé ó jẹ́ obìnrin. Ó ní ẹni tó ń ṣẹ́gi, tó ń pọnmi, tí kò sì ní ilẹ̀, ohun tó so ó mọ́ igbó ni pé kò ní ibòmíràn láti lọ. Agarwal ló jàre. Ọmọ àgbẹ̀ tó ti di ọ̀jọ̀gbọ́n lè fẹ́ràn oko gan-an. Àwọn tó ṣì wà nínú oko náà ń wá ọ̀nà jáde. Ó tún jọ mí lójú pé ìwé 1986 fẹ́ fi kọ́kọ́rọ́ kan ṣoṣo ṣí ilẹ̀kùn gbogbo ayé, láti orí àjẹ́ Yúróòpù dé orí ilé iṣẹ́ kọ̀ǹpútà, kọ́kọ́rọ́ náà kò sì wọ gbogbo ihò.

Mies kú ní oṣù Karùn-ún ọdún 2023, ẹni ọdún 92. Ní ọdún tó tẹ̀ lé e, ìjọba Íńdíà fún léèsì Narsapur ní àmì ìdánimọ̀ tó ń dáàbò bo orúkọ ọjà tó ti inú ìlú kan jáde, kí ẹlòmíràn má baà fi orúkọ náà ta ayédèrú. Orúkọ ọjà ni àmì náà dáàbò bò, kò sọ ohunkóhun nípa owó ọwọ́ ẹni tó hun ún. Ẹni tó bá fẹ́ ka Mies, kó má bẹ̀rẹ̀ láti orí ìwé ńlá tí gbogbo ènìyàn ń tọ́ka sí. Kó ka ìwé léèsì.